Fíìmù Tí Kì Í Ya Ojú Ẹnikẹ́ni

Àkókò òjò tó gbẹ̀yìn kí bọ́ǹbù tó dún ní bárékè Ìkẹjà ni obìnrin òyìnbó Potogí kan dé ọ̀dọ̀ wa. N kò mọ ọdún kà bí àwọn tó lọ ilé ìwé ṣe ń kà á, ṣùgbọ́n ẹni tó bá gbé apá Ìsọlọ̀ àti Èjìgbò láyé ìgbà náà, bí mo bá ti sọ bẹ́ẹ̀, ó ti mọ ìgbà tí mò ń wí. Ògì ni mò ń ṣe nígbà yẹn. Òórùn omidùn ti wọ ara ògiri ilé tí à ń gbé nítòsí títì Aílégún débi pé oníbàárà tuntun kì í béèrè yàrá mi lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, imú ni wọ́n fi ń wá mi kàn. Bí oòrùn bá ti mú, òórùn kíkan yẹn á gbéra nínú àwọn kòkò, á wá dúró gbọnin ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ bí ẹni tó wá gba owó ilé. Àwọn tí a jọ yá ilé á máa yínmú sí mi, bẹ́ẹ̀ kò sí èyí tí kì í rán ọmọ rẹ̀ wá bu ògì lọ́wọ́ mi tí ilẹ̀ bá mọ́.

Ọkọ mi ti kú nígbà náà. Ọmọ mẹ́ta ló fi sílẹ̀ fún mi: àkọ́bí mi obìnrin, ọkùnrin tó tẹ̀ lé e, àti àbíkẹ́yìn mi obìnrin. Orúkọ àkọ́bí yìí ni gbogbo ará ilé fi ń pè mí. N kò ní dárúkọ náà níbí, ẹ ó mọ ìdí rẹ̀ tí a bá dé ibẹ̀. Ó ti parí sẹ́kọ́ńdìrì, ó ń kọ́ iṣẹ́ irun dídì ní ṣọ́ọ̀bù kan lọ́nà Èjìgbò, ṣùgbọ́n kó tó lọ láàárọ̀, òun ló ń bá mi sẹ́ ògì. Ẹ̀yin tí ẹ ti sẹ́ ògì rí, ẹ mọ bí ó ṣe ń rí. Á ta aṣọ funfun sí ẹnu kòkò, á da ògì lílọ̀ sí i, á máa fi ọwọ́ rò ó, á máa fún un, títí ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì á fi funfun dé ìgúnpá. Tó bá ti ṣe tán, á gbé ọwọ́ méjèèjì sókè bí ẹni tí ọlọ́pàá dá dúró, á máa lé àbúrò rẹ̀ kiri pé òun fẹ́ fi ògì kùn ún lójú. Ọmọ tó lẹ́rìn-ín lẹ́nu ni. Inú imú ni ẹ̀rín rẹ̀ ti ń bẹ̀rẹ̀.

Obìnrin òyìnbó kan wà ní Ire-Akari tó jẹ́ oníbàárà mi. Ọmọ Ìjẹ̀ṣà kan ló fẹ́ ẹ, ó sì ti pẹ́ nílẹ̀ wa débi pé ẹ̀kọ ló ń ro fún ọkọ rẹ̀. Òun ló mú Potogí wá, torí ìlú kan náà ni wọ́n ti wá. Ó ní, "Ìyá, ọ̀rẹ́ mi rèé. Fíìmù ni iṣẹ́ ẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kó máa wo ògì." Obìnrin oníkẹrosíìnì tí yàrá rẹ̀ kọjú sí tèmi bú sẹ́rìn-ín. Ó ní, "Kó máa wo ògì? Ṣé kò sí ohun tí wọ́n ń wò nílùú wọn ni?"

Potogí náà ti lé ní àádọ́ta ọdún dáadáa. Ó gé irun rẹ̀ mọ́lẹ̀ bíi ti ọkùnrin, irun náà ti ń funfun, ṣòkòtò tó ní àpò káàkiri ló máa ń wọ̀. Kámẹ́rà kékeré kan wà lọ́wọ́ rẹ̀ tó máa ń fi aṣọ wé bí ọmọ tuntun nítorí eruku. Láàárọ̀, á fa àpótí mọ́ ẹ̀gbẹ́ kòkò, á jókòó, kò ní sọ̀rọ̀. Ìfófòó orí omidùn ló ń yà. Á ya omi tó ń kán láti ara aṣọ, á ya òjìji wa lára ògiri, á ya ibi tí ọ̀dà ògiri ti ń ṣí. Èmi rò pé orí rẹ̀ kò pé tán. Ọmọ mi ló máa ń bá a sọ èèbó, tó sì ń túmọ̀ fún wa, àwọn méjèèjì sì mọwọ́ ara wọn kíá. Àǹtí Potogí ló ń pè é.

Nígbà tí àwọn ará ilé gbọ́ pé òyìnbó ń ya fíìmù, ẹ ò rí nǹkan. Oníkẹrosíìnì wẹ̀, ó kun pọ́dà, ó wọ léèsì, ó wé gèlè tó ga bí ilé alájà, ó wá dúró níwájú kámẹ́rà. Potogí rẹ́rìn-ín músẹ́, ó lóṣòó, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí ya gìgísẹ̀ rẹ̀.

"Ó ń ṣe kí ni nílẹ̀ níbẹ̀? Gèlè mi wà lókè o!"

Ọmọ mi ní, "Àǹtí, ẹsẹ̀ yín ló wù ú."

"Ẹsẹ̀ ìyá ẹ ni kó wù ú! Ẹsẹ̀ tó ti là yìí ló fẹ́ gbé lọ han àwọn èèyàn ẹ̀, kí wọ́n máa ní báyìí là ń gbé? Sọ fún un kó ya ojú mi."

Kò yà á. Kò ya ojú ẹnikẹ́ni. Bí èèyàn bá tẹ orí wá síwájú kámẹ́rà, á yí i kúrò. Ọmọ mi sọ ọ́ di eré, á rọra máa bọ̀ láti ẹ̀yìn kó lè yọjú sí i lójijì, òyìnbó náà á tètè sá fún un, àwọn méjèèjì á jọ máa rẹ́rìn-ín bí ọmọdé.

Lọ́jọ́ kan tí òjò kò jẹ́ ká ṣiṣẹ́, mo ní kí ọmọ mi bi í pé kí ni ojú èèyàn ṣe fún un. Ó ní nígbà tí òun wà ní ọ̀dọ́, ìjọba burúkú kan wà nílùú àwọn, tí èèyàn kò gbọdọ̀ sọ̀rọ̀ sí. Òun ra kámẹ́rà kékeré kan tí wọ́n ń fi ọwọ́ wáìǹdì, òun sì ya àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó ń wọ́de ní títì, torí ó dùn ún wò. Àwọn ọlọ́pàá inú wá kó fíìmù náà nílé, wọ́n jókòó, wọ́n ń wo ojú tó wà nínú rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Ẹ̀gbọ́n òun ọkùnrin wà níbẹ̀. Wọ́n mú un. Nígbà tó jáde, kò mọ orúkọ ara rẹ̀ mọ́, bẹ́ẹ̀ ló ṣe wà títí tó fi kú. Ó ní láti ọjọ́ náà ni òun kò ti ya ojú ẹnikẹ́ni. Òkúta lòun ń yà, àti omi, aṣọ tí wọ́n sá sórí okùn, ọwọ́ tó ń ṣiṣẹ́. Tí wọ́n bá ń fi fíìmù òun hàn ní gbọ̀ngàn, àwọn èèyàn á pòṣé, wọ́n á dìde lọ. Ọmọ àwọn ẹlòmíràn lòun ń kọ́ níwèé kóun lè jẹun, owó tó bá ṣẹ́kù lòun fi ń ra fíìmù, nígbà tí fíìmù wá wọ́n jù, òun bọ́ sórí fídíò. Ó lọ sí Bùràsíìlì, ibẹ̀ ló ti gbọ́ ọ̀rọ̀ Yorùbá lẹ́nu àwọn ará ibẹ̀, ó sì wá a wá sí Èkó. Ọmọ mi túmọ̀ gbogbo rẹ̀ tán. Mo ní kó sọ fún un pé Ọlọ́run á tẹ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sáfẹ́fẹ́ rere. Láti ọjọ́ yẹn, n kò fi í ṣe yẹ̀yẹ́ mọ́.

Ìgbà tí òjò dáwọ́ dúró ló padà sílùú rẹ̀. Ọmọ mi sunkún díẹ̀. Ọyẹ́ sì dé.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Sunday kan ni. Mo lọ kí ẹ̀gbọ́n mi obìnrin tí ara rẹ̀ kò yá ní Òṣòdì, àwọn ọmọ mi kékeré méjèèjì sì wà pẹ̀lú mi. Ilẹ̀ mì. Gíláàsì fèrèsé fọ́ sílẹ̀, ojú ọ̀run pọ́n, ariwo náà kò sì tán, ó ń bú léraléra láti ìhà bárékè Ìkẹjà. Àwọn èèyàn ń sáré láìmọ ibi tí wọ́n ń lọ, àwọn kan ní ogun ni, àwọn kan ní ayé ti parẹ́. N kò ní sọ púpọ̀ níbí. Àwọn tó wà nílé ló ròyìn rẹ̀ fún mi lẹ́yìn náà. Wọ́n ní àkọ́bí mi ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ṣọ́ọ̀bù dé ni, gbogbo ilé sì tú jáde, oníkẹrosíìnì dì í lọ́wọ́ mú, wọ́n jọ ń sá lọ síhà Òkè-Àfà, kí èrò tó já ọwọ́ wọn. Odò tó wà níbẹ̀, ewéko ti bò ó lójú bí ẹní tí wọ́n tẹ́. Ẹni tí kò mọ ibẹ̀, pápá ni yóò pè é. Àwọn tó wà níwájú rì, àwọn tó wà lẹ́yìn kò mọ̀, wọ́n ń tì wọ́n.

Wọ́n rí òkú rẹ̀ lọ́jọ́ kejì. Wọn kò jẹ́ kí n rí i. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé láàárín wa, òbí kì í mọ sàréè ọmọ. Ẹ̀gbọ́n ọkọ mi, bíríkìlà tó ń gbé ní Èjìgbò, tó jẹ́ olórí ẹbí wa ní Èkó, òun ló ṣe ohun gbogbo. Ó pe ààfáà, ó bá wọn sin ín, nígbà tó dé, ó wọ yàrá mi, ó kó gbogbo fótò ọmọ náà: èyí tó yà nínú aṣọ ilé ìwé, èyí tó yà lọ́jọ́ Iléyá, àti àwọn pásípọ́ọ̀tù kéékèèké tó yà fún ìdánwò. Ó kó wọn sẹ́yìnkùlé, ó da kẹrosíìnì sí i, ó ṣáná sí i. Èmi dùbúlẹ̀ lórí ẹní, mo ń gbọ́ òórùn rẹ̀. Kì í ṣe ìwà ìkà. Òfò ni ikú ọ̀dọ́ lọ́dọ̀ wa, a kì í gbé òfò kọ́ ara ògiri. Ó lóṣòó tì mí, ó ní, "Ìyàwó, ojú tó bá ń rí i ni yóò máa sunkún. Jẹ́ kí ojú gbàgbé." Aṣọ rẹ̀, wọ́n kó o fún àwọn tó jìnnà sí wa. Ọ̀sẹ̀ náà kò tíì parí tí gbogbo ará ilé ti fi orúkọ rẹ̀ sílẹ̀, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí pè mí ní Ìyá Ràṣídì, orúkọ ọmọ mi tó tẹ̀ lé e. Kò sẹ́ni tó pe ìpàdé lórí rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ń ṣe é.

Ojú gbàgbé lóòótọ́, ohun tí mò ń bọ̀ wá sọ nìyẹn. Lákọ̀ọ́kọ́, ibi gbogbo ni mo ti ń rí i, lẹ́nu ọ̀nà, nínú kòkò. Ṣùgbọ́n láàárọ̀ ọjọ́ kan, ó ti tó bí ọdún mẹ́ta, mo ń sẹ́ ògì, mo fẹ́ rántí bí ojú rẹ̀ ṣe rí, mo rí imú, n kò rí ẹnu. Mo gbìyànjú títí. Bí mo bá mú ẹnu, ojú á lọ. Ẹ̀rù bà mí ju ọjọ́ tí wọ́n wá túfọ̀ rẹ̀ fún mi lọ. Mo lọ bá ẹni tí wọ́n jọ kọ́ṣẹ́, ó ní òun ní fótò kan tí àwọn jọ yà, ó gbé e jáde, òjò ti wọ ilé bá a, ojú fótò náà ti lẹ̀ mọ́ gíláàsì, ó ti ṣí kúrò. Mo lọ sí ilé ìwé rẹ̀, wọ́n ní àwọn kì í tọ́jú irú nǹkan bẹ́ẹ̀. Mo bi àwọn àbúrò rẹ̀. Ìkíní sọ tirẹ̀, ìkejì sọ tirẹ̀, ọmọ tí wọ́n ń ṣàpèjúwe kò jọ ara wọn.

Ọdún bíi mélòó kan tún kọjá kí Potogí tó padà wá. Òyìnbó Ire-Akari ti bá ọkọ rẹ̀ lọ sí Iléṣà, òun àti Potogí kò sì kàn síra wọn mọ́, nítorí náà kò sẹ́ni tó sọ ohunkóhun fún un. Ọjọ́ Jímọ̀ ni. Ẹ̀gbọ́n ọkọ mi ti kírun tán, ó yà wò wá bó ṣe máa ń ṣe, ó jókòó sórí àga, Ràṣídì tó ti wọ Pólì nígbà náà wà nílé. Obìnrin náà yọ lẹ́nu ọ̀nà. Irun rẹ̀ ti funfun báláú, ó ti gbẹ, ó gbé báàgì ńlá kọ́ èjìká, ó ń rẹ́rìn-ín. Ó dì mọ́ mi. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó sì dárúkọ ọmọ mi.

Ó ti pẹ́ tí mo ti gbọ́ orúkọ náà nínú ilé yẹn. Àbíkẹ́yìn mi tó ń gbálẹ̀ ju ìgbálẹ̀ sílẹ̀. Ràṣídì ló sọ fún un lédè òyìnbó, ọ̀rọ̀ náà kò gùn. Mo rí i tí obìnrin náà fi ọwọ́ wá ibi tí ògiri wà lẹ́yìn rẹ̀, ó rọra jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, báàgì náà ṣì wà léjìká rẹ̀.

Nígbà tó lè sọ̀rọ̀, ó ní fíìmù tí òun yà lọ́dọ̀ wa lòun gbé wá, òun fẹ́ kí ọ̀rẹ́ òun rí i.

Ẹ̀gbọ́n ọkọ mi ní, "Kí ni òyìnbó yìí ń wá?"

"Bàbá, ó ní fíìmù ẹ̀gbọ́n mi wà lọ́wọ́ òun."

"Kó gbé e padà."

Mo ní, "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́."

"Mo ní kó gbé e padà! Ìyàwó, ṣé ọgbẹ́ tó ti jinná lo fẹ́ tún ya?"

"Ta ló sọ fún yín pé ó ti jinná?"

Orí ìkúnlẹ̀ ni mo ti sọ ọ́, nítorí ìyàwó kì í sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ sí ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀, ṣùgbọ́n mo sọ ọ́. Ó wò mí títí. Ó mú fìlà rẹ̀, ó jáde, ó lọ jókòó sórí bẹ́ǹṣì abẹ́ fèrèsé. Ohun kan ṣoṣo ló wà lọ́kàn mi: màá rí ojú ọmọ mi. Mo ti gbàgbé pátápátá irú fíìmù tí obìnrin yìí ń yà. Àbí n kò gbàgbé, mò ń bẹ Ọlọ́run ni.

A fi aṣọ dí fèrèsé, a já kàlẹ́ńdà kúrò lára ògiri. Kò síná, Ràṣídì lọ yá jẹnẹrétọ̀ lọ́wọ́ onígbàjámọ̀ ẹ̀gbẹ́ wa. Potogí gbé ẹ̀rọ kan ka orí àpótí, ó tan ìmọ́lẹ̀ sí ògiri, ọwọ́ ọmọ mi sì yọ.

Ọwọ́ rẹ̀ ni. N kò ní láti bi ẹnikẹ́ni. Ó tóbi ju èèyàn lọ, ó kún ògiri, ó funfun dé ìgúnpá, ó ń fún aṣọ, omi ń kán. Mo gbọ́ àkùkọ ilé kejì nínú rẹ̀, èyí tí wọ́n ti pa jẹ tipẹ́. Ọwọ́ náà ṣiṣẹ́ títí, kò kánjú. Ìfófòó dé, ó ń bẹ́ lọ́kọ̀ọ̀kan. Òjìji wa dé, èmi àti òun, a tẹ̀ síwájú, a tẹ̀ sẹ́yìn. Gìgísẹ̀ oníkẹrosíìnì kọjá, kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà, ọwọ́ náà tún dé, mo rí i tó gbé e sókè, mo rí èjìká, mo rí ọrùn, yẹtí kékeré tí mo rà fún un, àgbọ̀n rẹ̀ ń bọ̀ wá láti ẹ̀gbẹ́, ó ń rọra yọjú. Mo dìde dúró. Àtẹ́lẹwọ́ òyìnbó kan sáré wá láti iwájú, ó bo gbogbo rẹ̀. Ògiri dúdú.

Nínú òkùnkùn náà la ti gbọ́ ọ. Ẹ̀rín yẹn bẹ̀rẹ̀ nínú imú. "Màámi, ẹ wo Àǹtí Potogí o! Ó bò mí lójú!" Ohùn obìnrin kan sì dáhùn láti ọ̀nà jíjìn, ohùn ẹni tí kò gbé orí sókè nídìí iṣẹ́: "Fi í sílẹ̀, jàre. Jẹ́ kó ṣiṣẹ́ ẹ̀." Èmi ni.

Fíìmù tán. Nígbà tí mo yíjú, ẹ̀gbọ́n ọkọ mi ti wà lẹ́nu ọ̀nà, bàtà rẹ̀ wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀ lórí ẹní mi, fìlà rẹ̀ wà lọ́wọ́. Ohùn ló gbọ́ láti ojú fèrèsé. Ó ní, "Ẹ ní kó tún un ṣe." A tún un ṣe. Nígbà tó dé ibi àtẹ́lẹwọ́ yẹn, mo pariwo pé, "Kó gbé ọwọ́ ẹ̀ kúrò! Ràṣídì, sọ fún un kó gbé ọwọ́ ẹ̀ kúrò lójú ọmọ mi!" Ọmọ náà sọ ọ́. Potogí ń mi orí, omijé ń bọ́ lójú rẹ̀. Ó ní kò sí ohun tó wà lábẹ́ ọwọ́ náà. Ohun tí kámẹ́rà kò rí, kò rí i náà nìyẹn.

Mo bi í pé ṣé ó ti fi í han àwọn èèyàn. Ó ní gbogbo ọdún tí òun ti ń ṣiṣẹ́, èyí nìkan ni wọ́n yẹ́ òun sí lé lórí. Wọ́n gbé e kiri ìlú òyìnbó, wọ́n fi hàn nínú àwọn ilé ńláńlá tí wọ́n ń kó àwòrán sí. Ibi tí ọwọ́ ti bo ògiri tí ẹ̀rín sì gba inú òkùnkùn jáde, ibẹ̀ ni wọ́n ti máa ń pàtẹ́wọ́.

"Wọ́n ń pàtẹ́wọ́?" N kò mọ bí Ràṣídì ṣe túmọ̀ rẹ̀. "Òkùnkùn tó bo ọmọ mi lójú ni wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún?"

Ó ní òun rò pé òun ń ṣọ́ ọ ni. Láti ìgbà tí ojú ti pa ẹ̀gbọ́n òun, ẹni tó bá wù òun lòun máa ń bò lójú. Ẹ̀gbọ́n ọkọ mi ló dáhùn. Ó ní, "Mo sun fótò rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìwọ ló jọ, ìyàwó. N kò lè sun ojú ẹ. Gbogbo Jímọ̀ tí mo bá wọlé síbí ni mò ń rí i, ìdí tí n kì í fi í pẹ́ nìyẹn."

N kò mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ọdún gbogbo tí mo fi ń wá a kiri, kò sẹ́ni tó sọ fún mi. Mo fi etí aṣọ nu ojú mi, mo jókòó síwájú fèrèsé tí Ràṣídì ti ká aṣọ kúrò lójú rẹ̀, mo ní kó sọ fún obìnrin náà pé kó ya ojú mi. Ó ní òun kò lè ṣe é. Mo ní yóò ṣe é. Ó gbé kámẹ́rà lé orúnkún. Ó yà mí títí oòrùn fi kúrò lójú fèrèsé. N kò sọ̀rọ̀, n kò sì rẹ́rìn-ín. Mo kàn jókòó, mo fi ojú mi sílẹ̀ fún un.

Kò padà wá mọ́. Ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn náà, òyìnbó Ire-Akari wá kí mi láti Iléṣà, Yorùbá ẹnu rẹ̀ ti wá di ti Ìjẹ̀ṣà pátápátá. Ó ní Potogí so fíìmù méjèèjì pọ̀, ó ní ẹni tó bá fẹ́ wo ọwọ́ ọmọ mi gbọ́dọ̀ wo ojú mi tẹ̀ lé e. Àwọn ilé ńláńlá náà kò fẹ́. Wọ́n ní èyí ẹ̀yìn ń ba tiwájú jẹ́. Níbi tí wọ́n ti gbà á, àwọn tó ń pàtẹ́wọ́ tẹ́lẹ̀ á dìde lọ bí ojú mi bá ti yọ, bí wọ́n ṣe máa ń dìde lọ nígbà tó wà ní ọ̀dọ́. Kò gba ẹ̀bẹ̀ ẹnikẹ́ni. Kò ya òmíràn mọ́ títí ó fi kú, nínú ìlú kékeré létí òkun tí wọ́n ti bí i.

N kò bínú sí i, n kò sì bínú sí ẹ̀gbọ́n ọkọ mi, tí òun náà ti lọ. Èèyàn méjì ló fẹ́ràn ọmọ mi, tí wọ́n sì fi ìfẹ́ bò ó lójú, ọ̀kan fi iná, ọ̀kan fi ọwọ́. Kò sí èyí tó bi mí. Òkú ọmọ kì í jẹ́ kí ìyá ní ẹnu láàárín wa. Wọ́n á ní kó gbàgbé, wọ́n á ní kó ṣe ọkàn gírí, wọ́n á yí orúkọ rẹ̀ padà fún un, òun náà á sì máa jẹ́ orúkọ tuntun. Mo jẹ́ ẹ. Ìyá Ràṣídì ṣì ni mò ń jẹ́ títí dòní, orúkọ tèkíní ti wúwo jù lẹ́nu mi. Ojú ọmọ náà kò padà wá sọ́kàn mi, ẹ má ṣe jẹ́ kí n parọ́ fún yín. Tí mo bá wo dígí, obìnrin arúgbó ni mò ń rí. Òun ì bá máà tíì dàgbà tó bẹ́ẹ̀.

Nígbà tí àwọn ọmọ mi méjèèjì ti di òbí, tí àna Ràṣídì sì pàdánù ọmọ rẹ̀ kan, tí wọ́n ti ń wá ìṣáná kiri ilé láti sun fótò ọmọ náà, mo pe àwọn méjèèjì jókòó. Mo ní, "Ẹ lọ sọ fún àwọn àna yín pé èmi ni mo rán yín. Kí wọ́n má sun ún. Bí wọn kò bá lè wò ó, kí wọ́n wé e sínú aṣọ, kí wọ́n gbé e pamọ́ sí ibi tí ìyá ọmọ náà mọ̀. Ó lè sunkún, ẹ jẹ́ kó sunkún. Ó lè máà ṣí i wò títí tí yóò fi kú. Ṣùgbọ́n òun ni kí ẹ bi. Ẹni tó lóyún ọmọ ni kí ẹ bi."